Ìtàn Benin ní ojú ìwé mẹ́rin: ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Tíṣà_Kútọnu

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ọgbọ́n yín ni mo wá yá.

Mo ní kíláàsì kan tí mo ń kọ́ ní ọjọ́ Sátidé ní Kútọnu níbí. Ọmọ àwọn tó ń ṣòwò ní ọjà Dantokpa ló pọ̀ jù níbẹ̀. Faransé ni wọ́n ń fi kàwé ní ilé ìwé, Yorùbá ni wọ́n ń sọ nílé, àmọ́ tí ẹ bá gbé ìwé Yorùbá síwájú wọn, wọn á máa wò ó bí ẹni wo Lárúbáwá. Mo wá ní kí n kọ ìtàn orílẹ̀-èdè tí wọ́n ń gbé yìí fún wọn ní Yorùbá, ojú ìwé mẹ́rin péré, kí àwọn ìyá wọn náà lè rí nǹkan kà nídìí àtẹ nígbà tí ọjà bá dá.

Mo kọ ọ́ tán. Ẹ̀gbọ́n mi kan kà á, ó ní, “Ìtàn Àgbómẹ̀ lo kọ, ìwọ ò kọ ìtàn Benin.” Ó dùn mí wọra. Ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ nìyí:

“Láyé àtijọ́, ìjọba ńlá kan wà tó ń jẹ́ Dàhọ̀mì. Àgbómẹ̀ ni olú-ìlú rẹ̀. Ní 1724 ọba Agaja gba Àláàdá, ní 1727 ó gba Wídà, kò sí ẹni tó tún wà láàárín òun àti òyìnbó etí òkun mọ́. Àwọn ọba tó jẹ lẹ́yìn rẹ̀ lágbára gan-an, títí Faransé fi ṣẹ́gun Béhanzin ní 1892. Ní 1960 a gba òmìnira.”

Ẹ bá mi wò ó. Kí ni mo fò? Ẹ rántí pé ọmọ ọdún 12 sí 15 ni wọ́n o, ojú ìwé mẹ́rin ni mo sì ní.

Àrẹ̀mú_Ìmẹ̀kọ

Àǹtí Tíṣà, ẹ má bínú, ẹ̀gbọ́n yín ò purọ́. Kétu dà? Sábẹ̀ẹ́ dà? Nikki, ìlú ọba Ìbàrìbá, ńkọ́?

Ìmẹ̀kọ ni wọ́n bí mi sí, ní Ìpínlẹ̀ Ògùn. Nígbà tí bàbá mi àgbà wà láyé, tí ẹ bá bi í pé ọmọ ibo ni, “Kétu” ló máa kọ́kọ́ jáde lẹ́nu rẹ̀. Abẹ́ Alákétu ni ìlú wa wà kó tó di pé àwọn Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé jókòó ní Paris ní oṣù Kẹjọ 1889, tí wọ́n fa ìlà láti etí òkun lọ sókè. Kétu bọ́ sọ́wọ́ Faransé, Ìmẹ̀kọ bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ní Ìlárá, ìlà yẹn la ìlú sí méjì. Tẹ̀gbọ́n tàbúrò á wà níbẹ̀, náírà lọ́wọ́ ọ̀kan, sẹ́fà lọ́wọ́ èkejì.

Ẹ tún wo ibi tí ẹ ti kọ pé àwọn ọba yẹn “lágbára gan-an”. Ara agbára yẹn ló dé ọ̀dọ̀ wa. Ní 1886 ọmọ ogun Glele, ọba Dàhọ̀mì, wọ Kétu, wọ́n sun ìlú, wọ́n kó èèyàn lọ sí Àgbómẹ̀. Ẹ lọ wo Àkàbà Ìdẹ̀nà tí ẹ bá dé Kétu, ẹnubodè amọ̀ tó dúró níbẹ̀ títí dòní, ẹ ó mọ̀ pé ìlú tó mọ odi tó tóbẹ́ẹ̀ mọ ohun tó ń bẹ̀rù. Ìgbà tí Faransé ṣẹ́gun Àgbómẹ̀ ni àwọn tó ṣẹ́kù nínú oko ẹrú tó rí ọ̀nà padà wálé tún ìlú kọ́. Ọdún 1892 tí ẹ kọ bí ọdún ọ̀fọ̀ yẹn, ọdún tí wọ́n tú ìdè ìyá-ìyá ẹlòmíràn ni.

Gbádé_London

Ẹ fi àlàyé orúkọ sí i, mo bẹ̀ yín. Ọmọ mi obìnrin ń kàwé níbí, tíṣà wọn fi àwòrán ère idẹ Bìní hàn wọ́n, ó yí padà, ó sì nàka sí orílẹ̀-èdè Benin lórí máàpù. Ọmọ mi ní, “Màmá Ìyábọ̀ tó wà nítòsí wa, Ẹdó ni wọ́n, Nàìjíríà ni wọ́n ti wá.” Tíṣà ní kó jókòó.

Bàbá_Olùkọ́_Fẹ̀yìntì

Gbádé, ọmọ yẹn gba máàkì lọ́wọ́ mi.

Ọ̀rọ̀ orúkọ yìí kò le. Bìní ni ìlú Ọba Ẹdó, Nàìjíríà ló wà. Àwọn òyìnbó ló fi orúkọ Bìní pe apá òkun tó wà níwájú gbogbo wa, láti ìhà Tógò títí dé ẹnu odò Ọya. Nígbà tí Kérékou, sọ́jà tó ń ṣèjọba nígbà náà, fẹ́ yí orúkọ Dàhọ̀mì padà, ní 30 oṣù Kọkànlá 1975, orúkọ òkun yẹn ló mú. Ìdí tí wọ́n fi yí i ni kí Tíṣà fi sínú ìwé rẹ̀: Dàhọ̀mì jẹ́ orúkọ ìjọba kan ṣoṣo, ìjọba àwọn Fọ̀n. Ará Parakou tàbí ará Natitingou kò jẹ́ Dàhọ̀mì rí kí Faransé tó dé. Orúkọ òkun kì í ṣe ti ẹ̀yà kankan nínú wọn, kò sẹ́ni tó máa sọ pé wọ́n fi ti tòun ṣe àpèjẹ́ fún gbogbo ilé.

Àwọn ọmọ á fẹ́ràn ìtàn tí wọ́n ń sọ nípa orúkọ àtijọ́ náà. Wọ́n ní ọba Àgbómẹ̀ ń tọrọ ilẹ̀ ṣáá lọ́wọ́ ìjòyè kan tó ń jẹ́ Dan, títí ó fi sú Dan. Ó ní, “Ṣé inú ikùn mi lo tún fẹ́ kọ́lé sí ni?” Ọba pa á, ó kọ́ ààfin lé e lórí. Dan-xo-mè, nínú ikùn Dan. Bóyá bẹ́ẹ̀ ló rí bóyá bẹ́ẹ̀ kọ́, ẹni tó gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan ò ní í gbàgbé.

Ọmọ_Lísàbí

Èmi ò tiẹ̀ mọ ìdí tí à ń fi ń bá Dàhọ̀mì ṣe wàhálà. Ẹ lọ bi àwọn ará Abẹ́òkúta. Gezo, ọba Dàhọ̀mì, kó ogun wá bá wa ní oṣù Kẹta 1851, a lé e. Glele tún wá ní oṣù Kẹta 1864, a tún lé e. Ajínigbé ni wọ́n. Ìpínrọ̀ kan tó wọn.

Àrẹ̀mú_Ìmẹ̀kọ

Ẹ̀yin Ẹ̀gbá ẹ lé e lóòótọ́, a kí yín. Kétu tí ò ní Olúmọ ńkọ́?

Bàbá_Olùkọ́_Fẹ̀yìntì

Ọmọ Lísàbí, ẹ rọra. Tí a bá fẹ́ ka àkọsílẹ̀ gbèsè, kí a kà á tán. Láàárín 1726 sí 1748, ẹlẹ́ṣin Ọ̀yọ́ wọ Dàhọ̀mì léraléra. Àgbómẹ̀ ò ní ẹṣin, ìgbẹ́ ni ọba Agaja ń sá wọ̀ tí wọ́n bá dé, tó bá di ìgbà tí òjò bẹ̀rẹ̀ tí Ọ̀yọ́ padà sílé, á jáde. Níkẹyìn wọ́n gbà láti máa san ìsákọ́lẹ̀ fún Aláàfin lọ́dọọdún. Wọ́n san án láti baba dé ọmọ, títí Gezo fi kọ̀ ọ́ ní nǹkan bíi 1823, nígbà tí ilé Ọ̀yọ́ fúnra rẹ̀ ti ń jó. Ẹrú tí Ọ̀yọ́ ń tà, etí òkun yìí kan náà ló ń bá lọ, ọ̀pọ̀ rẹ̀ gba Àjàṣẹ́ (Porto-Novo). Ta wá ni ajínigbé?

Tíṣà, ohun tí mo rò pé ó bá ojú ìwé mẹ́rin mu nìyí: ẹ má sọ pé ìjọba kan lágbára láìsọ ẹni tó lo agbára náà lé lórí. Gbólóhùn kan tó fún un. “Wọ́n gba Wídà” yàtọ̀ sí “wọ́n gba Wídà, wọ́n sì ń ta èèyàn níbẹ̀”.

Ìyá_Ìbejì_Àjàṣẹ́

Ẹ ṣé Bàbá. Ohun tó gbé mi wọlé gan-an nìyẹn, mi ò kì í sọ̀rọ̀ níbí.

Tíṣà fi “òyìnbó etí òkun” fo òwò ẹrú kọjá. Wídà o! Ní gbogbo Áfíríkà, yàtọ̀ sí Luanda, kò sí èbúté tí wọ́n ti kó ẹrú sọ́kọ̀ ojú omi tó o. Nǹkan bíi mílíọ̀nù kan èèyàn. Kí ọmọ tó ń gbé ìrìn wákàtí kan sí ibẹ̀ má mọ̀?

Ẹ dárúkọ Francisco Félix de Souza, ará Brazil tí wọ́n ń pè ní Chacha, tó bá Gezo dìtẹ̀ gba ìjọba ní 1818, tó wá di ọ̀gá òwò ẹrú ní Wídà títí ó fi kú ní 1849. Kí ẹ sì má dúró síbẹ̀, torí àwọn kan padà. Àwọn Àgùdà tó ti Bahia ní Brazil dé, da Silva, Paraíso, àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ, àwọn ni bíríkìlà, télọ̀ àti akọ̀wé àkọ́kọ́ ní Àjàṣẹ́ wa. Tí ẹ bá dé mọ́ṣáláṣí ńlá ìlú wa, ẹ ó rò pé ṣọ́ọ̀ṣì ni: ilé ìṣọ́ méjì níwájú, òdòdó sìmẹ́ǹtì lára ògiri, ọ̀dà aláràbarà. Bí àwọn bíríkìlà Mùsùlùmí yẹn ṣe rí i tí wọ́n ń kọ́ ilé Ọlọ́run ní Bahia ni wọ́n ṣe kọ́ ọ.

Nípa Kétu, kí Àrẹ̀mú fi ọkàn balẹ̀. Ní Bahia títí dòní, tí wọ́n bá ń ṣe òrìṣà, “orílẹ̀ Kétu” ni ẹ̀ka tó gbajúmọ̀ jù ń pe ara rẹ̀. Ìlú tí wọ́n sun níbí ń jó lọ́hùn-ún.

Ọ̀rọ̀ kan ṣì kù. Ẹ má pe Toffa ọba Àjàṣẹ́ ní ọ̀dàlẹ̀ bí àwọn ìwé kan ti ń ṣe. Ó fọwọ́ sí ààbò Faransé lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ọmọ ogun Àgbómẹ̀ ń sun abúlé rẹ̀. Ẹni tí ejò ń lé, ṣé ó ń bi igi léèrè kó tó gùn ún?

Gbádé_London

Ìyá Ìbejì, ẹ máa wọlé lójoojúmọ́ jọ̀ọ́.

Délé_1990

Gbogbo yín lórí 1700 àti 1800. Ẹ wo gbólóhùn tó kẹ́yìn ìpínrọ̀ Tíṣà: “Ní 1960 a gba òmìnira.” Ó tán! Àwọn ìyá tó máa kà á lórí àtẹ, ẹ̀yìn 1960 ni wọ́n bí gbogbo wọn sí.

Ẹ jẹ́ kí n bá yín kọ ọ́ bí mo ṣe máa ń sọ ọ́ fún àwọn ọmọ mi. 1 oṣù Kẹjọ 1960, òmìnira. Ọkùnrin mẹ́ta ló ń du ipò: Maga láti òkè àríwá, Apithy láti Àjàṣẹ́, Ahomadegbé láti Àgbómẹ̀. Kálukú pẹ̀lú àwọn ará ilé rẹ̀ lẹ́yìn. Ológun wọlé ní 1963, wọ́n wọlé ní 1965, ní 1967, ní 1969. Nígbà tó sú gbogbo èèyàn, ní 1970, wọ́n ní ó dáa, ẹ jẹ́ kí a fi ìjọba dá àjọ. Ọdún méjì méjì. Maga kọ́kọ́ kó. Nígbà tí tirẹ̀ pé, ní oṣù Karùn-ún 1972, ó gbé e lé Ahomadegbé lọ́wọ́ ní ìrọ̀rùn. Apithy jókòó, ó ń retí tirẹ̀. Ní 26 oṣù Kẹwàá ọdún yẹn kan náà, Kérékou kó sọ́jà wọlé, ó fọ́ àjọ. Apithy ò kó.

Kò sí ìyá ọlọ́jà tí ìtàn yẹn ò ní í yé.

Tíṣà_Kútọnu

Ẹ̀gbọ́n Délé, ẹ̀rín pa mí. “Apithy ò kó.” Mo fẹ́ jí i, ẹ jọ̀ọ́.

Délé_1990

Ẹ mú un lọ́fẹ̀ẹ́.

Màmá_Aláǹkárá

Ẹ̀yin ọmọ mi, mo kí gbogbo yín. Ọmọ mi ló ń bá mi tẹ̀ ẹ́.

Mo wà ní Kútọnu láyé Kérékou. Láti 1974 ó ní àwa ti di ti Marx àti Lenin, kálukú ń pe ara wọn ní kọ́mírédì. Mo ń ta ǹkan aṣọ nígbà náà. Tó bá di bíi 1988, 1989, àwọn oníbàárà mi tó dáa jù, àwọn tíṣà àti àwọn oníṣẹ́ ìjọba, wọn ò rówó oṣù gbà mọ́. Báǹkì ti wó, ẹni tó kówó sí i ò rí i mú. Mo ní ìwé ẹ̀sáésáì kan tí mo ń kọ gbèsè sí. Ó kún, mo ra òmíràn, ìyẹn náà kún. Tíṣà kan á wá, á fọwọ́ ra ǹkan, á ní “Màmá, oṣù tó ń bọ̀”, èmi àti ẹ̀ á sì jọ mọ̀ pé kò sí oṣù kankan tó ń bọ̀.

Lẹ́yìn náà ni àpérò gbogbo orílẹ̀-èdè dé, oṣù Kejì 1990, bíi ọjọ́ mẹ́wàá. Bíṣọ́ọ̀bù Isidore de Souza ló jẹ́ alága. Rédíò ń gbé e jáde, kò sí ìsọ̀ tí ẹ máa dé ní ọjà tí ẹ ò ní í gbọ́ ọ. Àwọn èèyàn tó wà níbẹ̀ ní ọwọ́ àwọn ni àṣẹ wà láti ọjọ́ náà lọ. Gbogbo wa dákẹ́, a ń retí pé Kérékou á rán sọ́jà. Kò rán. Ó gbà. Obìnrin aládùúgbò mi tó ń ta tòmátì jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ń sunkún, mi ò mọ̀ bóyá ayọ̀ ni.

Ní 1991 wọ́n dìbò, Soglo wọlé, Kérékou lọ sílé. Ní 1996 wọ́n tún dìbò, ìbò yìí kan náà ló gbé Kérékou padà. Àwọn kan lára àwọn tíṣà yẹn wá san gbèsè mi. Ìwé kejì ṣì wà nínú àpótí.

Bàbá_Olùkọ́_Fẹ̀yìntì

Màmá, ẹ kú ìrántí. Tíṣà, ẹ fi Màmá sínú ìwé yẹn. Ẹ má dárúkọ wọn, “ìyá kan tó ń ta aṣọ” ti tó. Ìwé gbèsè yẹn á sọ fún ọmọdé ohun tí “ọrọ̀ ajé dẹnu kọlẹ̀” ò lè sọ.

Akérékorò

Àríwá ṣì kù o. Ẹ ti dárúkọ Nikki lẹ́ẹ̀kan, ẹ sá kúrò níbẹ̀. Ìbàrìbá ni ìyá mi.

Tíṣà, ère méjì ni ìjọba ṣí ní Kútọnu ní 2022, àwọn ọmọ yín ń rí méjèèjì. Ọ̀kan ni obìnrin ológun Dàhọ̀mì, gíga rẹ̀ tó mítà 30, gbogbo èèyàn ló ń ya fọ́tò níbẹ̀. Èkejì ni ọkùnrin orí ẹṣin nítòsí pápákọ̀ òfurufú. Ẹ bi wọ́n léèrè pé ta ni. Bio Guéra ni, ọmọ ọba Ìbàrìbá tó bá Faransé jà títí wọ́n fi pa á ní 1916. Nígbà náà, ọdún mẹ́wàá ni Béhanzin ti kú sí Algiers. Ẹ wá kọ ọ́ bí ẹni pé ìjà tán ní 1892. Ìjà ò tán ní 1892, ọ̀dọ̀ yín ló ti tán.

Ọmọ_Lísàbí

Obìnrin ológun yẹn, ẹ sọ òótọ́ nípa wọn. Àwọn àgbà wa sọ pé ní 1851, nígbà tí àwọn Ẹ̀gbá rí i pé obìnrin ló ń gun odi bọ̀ wá bá wọn, inú bí wọn ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Akin ni wọ́n. Ṣùgbọ́n kí ni wọ́n wá ṣe ní Abẹ́òkúta? Èèyàn ni wọ́n wá kó.

Ìyá_Ìbejì_Àjàṣẹ́

Lórí èyí, mo wà lẹ́yìn Ọmọ Lísàbí. Kí ọmọbìnrin wo ère yẹn kí orí rẹ̀ wú. Kó sì mọ ibi tí ogun ń lọ.

Tíṣà_Kútọnu

Mi ò sùn dáadáa láti àná. Mo ti ya ìpínrọ̀ yẹn, mo tún un kọ. Ẹ wò ó:

“Ère méjì wà ní Kútọnu. Obìnrin ni ọ̀kan, ọkùnrin orí ẹṣin ni èkejì. Ìjọba tí wọ́n ti wá yàtọ̀ síra, èdè wọn yàtọ̀, wọn ò sì mọ ara wọn. Báwo ni wọ́n ṣe di ọmọ orílẹ̀-èdè kan? Kí òyìnbó tó dé, Kétu ní Alákétu, Sábẹ̀ẹ́ ní ọba tirẹ̀, Ìbàrìbá ní ọba ní Nikki, Àjàṣẹ́ ní ọba, Fọ̀n ní ọba ní Àgbómẹ̀. Wọ́n ń ná ọjà ara wọn, wọ́n ń fẹ́ ọmọ ara wọn, wọ́n tún ń kó ara wọn lẹ́rú lọ tà ní Wídà. Ní 1899 Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fa ìlà sí àárín ilẹ̀ Kétu. Faransé kó àwọn tó bọ́ sápá tirẹ̀ pọ̀, ó sì fi orúkọ ọ̀kan nínú wọn pe gbogbo wọn: Dàhọ̀mì.”

Ojú ìwé kejì: Wídà, Chacha, àwọn Àgùdà. Ìkẹta: Béhanzin, Toffa, Bio Guéra. Ìkẹrin: àjọ tí Apithy ò kó, ìwé gbèsè Màmá, 1990. Ìtàn ikùn Dan á wà nínú àpótí kékeré nísàlẹ̀.

Àrẹ̀mú_Ìmẹ̀kọ

Èyí dùn mọ́ mi nínú. 1889 ni o, kì í ṣe 1899. Ẹ tún un ṣe kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́, torí mo máa fi han àwọn ará ilé ní Ìmẹ̀kọ.

Tíṣà_Kútọnu

Ọlọ́run ló yọ mí! Mo ti tún un ṣe. Ẹ̀dà 40 ni mo fẹ́. Ta ló mọ ibi tí wọ́n ti ń ṣe fọ́tòkọ́pì pọ́ọ́kú nítòsí Dantokpa?

Màmá_Aláǹkárá

Ẹ̀gbẹ́ ìsọ̀ mi ní ọmọkùnrin kan wà. Sọ fún un pé èmi ni mo rán ẹ. Kó o ṣe 41, kí o mú ọ̀kan wá fún mi.